Yúnyun Orí Òkè: Òdòdó Ìyeyè Tí Gbòǹgbò Rẹ̀ Kò Jóná

Nínú ìwé ìrántí ọdún bí irú èyí, àwọn olùdásílẹ̀, àwọn olórí ilé-ẹ̀kọ́ àti àwọn ilé tí a kọ́ ni a sábà máa ń kọ̀wé lé lórí, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n àwa fẹ́ fi àyè díẹ̀ sọ̀rọ̀ nípa ará àtijọ́ kan tí ó ti wà lórí àwọn òkè wọ̀nyí kí a tó fi ìpìlẹ̀ ilé-ẹ̀kọ́ kankan lélẹ̀ ní ìwọ̀-oòrùn Èkìtì. Kò ní ère, a kò sì kọ orúkọ rẹ̀ sára ògiri. Àwọn tí ń lọ sí oko ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Àwọn tí ń gun òkè lọ gbàdúrà ń kọjá lára rẹ̀ lái bojú wò ó. Yúnyun ni orúkọ rẹ̀.

Ìdí tí a fi mú un wá síwájú ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́ àti ẹ̀yin òbí ni pé ewu méjì ń bá ìmọ̀ nípa rẹ̀ jà. Ewu kìíní ni ti àwọn ọmọ wa, tí wọ́n lè ka orúkọ òdòdó ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì mẹ́wàá láti inú ìwé, ṣùgbọ́n tí wọn kò mọ orúkọ èyí tí ó wà lẹ́yìnkùlé. Ewu kejì ni ti àwọn kan nínú àwa àgbà, tí a mọ ewé náà dáadáa, ṣùgbọ́n tí a kò mọ ibi tí agbára rẹ̀ parí sí. Ẹni tí kò mọ̀ ọ́n pàdánù ohun rere. Ẹni tí ó gbẹ́kẹ̀ lé e kọjá ààlà lè pàdánù ẹ̀mí. A fẹ́ kí ìmọ̀ méjèèjì, ti ewé àti ti ààlà rẹ̀, wà lọ́wọ́ àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ wa.

Ilé rẹ̀ lórí àpáta

Ẹni tí ó bá gba ọ̀nà Iléṣà wọ Ẹ̀fọ̀n Aláayè mọ̀ pé ilẹ̀ wa kì í ṣe pẹ̀tẹ́lẹ̀. Àwọn òkè gígùn tí ó tò tẹ̀léra níhà ìlà-oòrùn Iléṣà, tí wọ́n gba Ẹ̀fọ̀n àti Òkèmẹ̀sí kọjá, jẹ́ ara ọ̀wọ́ òkúta kan ṣoṣo. Àwọn onímọ̀ nípa ilẹ̀ fi orúkọ Ẹ̀fọ̀n pè é, gígùn rẹ̀ sì tó nǹkan bí 180 kìlómítà. Quartzite ni wọ́n ń pe púpọ̀ nínú òkúta náà. Yanrìn àtijọ́ ni, tí ooru inú ilẹ̀ àti ìwúwo ohun tí ó wà lórí rẹ̀ ti sọ di òkúta líle. Òjò àti afẹ́fẹ́ kò tètè jẹ ẹ́, nítorí náà ni ó ṣe dúró bí ògiri nígbà tí ilẹ̀ tí ó yí i ká ti lọ sílẹ̀.

Ṣùgbọ́n òkúta tí kò tètè rà kì í bí ilẹ̀ ọlọ́ràá. Erùpẹ̀ orí rẹ̀ fẹ́lẹ́, yanrìn sì pọ̀ nínú rẹ̀. Bí òjò bá rọ̀ sí i, omi náà kì í pẹ́ ṣàn lọ sí àfonífojì. Láti oṣù Kẹrin títí dé oṣù Kẹwàá, òjò ń ran ohun ọ̀gbìn lọ́wọ́ níbẹ̀. Nígbà tí ọyẹ́ bá dé, gbogbo rẹ̀ a yí padà. Koríko a gbẹ, ewé a rọ, bí ọdẹ tàbí àgbẹ̀ kan bá sì ṣáná sí ìgbẹ́, ẹ̀gbẹ́ òkè a di dúdú láti ìsàlẹ̀ dé òkè. Ní irú ibi bẹ́ẹ̀ ni yúnyun ń gbé. A ń rí i ní ẹ̀bá ọ̀nà àti ní oko tí a fi sílẹ̀ pẹ̀lú, nítorí kì í ṣe ewéko tí ń yan ibùgbé. Ṣùgbọ́n níbi tí ilẹ̀ ti le jù lọ ni a ti ń mọ irú ẹni tí ó jẹ́.

Bí a ṣe lè dá a mọ̀

Yúnyun kì í ga púpọ̀. Ní ilẹ̀ gbígbẹ, ó lè má ju orúnkún lọ. Níbi tí òjò ti pọ̀, ó lè dé àyà àgbàlagbà. Igi rẹ̀ ní irun ṣákiṣàki lára. Ewé rẹ̀ a máa jáde ní méjì-méjì, ọ̀kan lápá ọ̀tún, èkejì lápá òsì, wọn a sì dojú kọ ara wọn. Ẹnu ewé náà ṣóńṣó, iṣan mẹ́ta sì máa ń hàn gbangba láti ìdí rẹ̀. Bí a bá fi ọwọ́ pa á, yóò há ọwọ́ bí ewé eépín tí àwọn ìyá wa fi ń fọ igbá, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ti eépín le jù ú lọ. Àwọn tí ó bá gbọ́ orúkọ rẹ̀ kì í ṣàì rántí ara tí ń yún ni.

Òdòdó rẹ̀ ni ó yẹ kí a dúró wò dáadáa. Ìyeyè ni, ó mọ́ bí oòrùn òwúrọ̀, ó sì tóbi tó owó ẹyọ tí a ń ná nígbà èwe wa tàbí kí ó jù bẹ́ẹ̀ lọ díẹ̀. Ojú lásán yóò sọ pé òdòdó kan ni. Ṣùgbọ́n bí a bá já a, tí a sì la àárín rẹ̀, a ó rí i pé ọ̀pọ̀lọpọ̀ òdòdó kéékèèké ni wọ́n péjọ sórí àga kan. Àwọn tí ó wà létí ní ewé òdòdó gígùn tí ń pe kòkòrò. Àwọn tí ó wà láàrin kéré bí orí abẹ́rẹ́, wọ́n sì tò tímọ́tímọ́. Oyin àti labalábá ń bẹ̀ wọ́n wò láti ọ̀kan dé èkejì. Bẹ́ẹ̀ náà ni gbogbo ẹbí rẹ̀ rí káàkiri ayé, títí kan ewúro tí a ń fi se ọbẹ̀. Ìjọ ni òdòdó yìí, kì í ṣe ẹnì kan.

Ẹ má ṣe ṣì í mú fún òdòdó ńlá tí ó kún ẹ̀bá ọ̀nà wa báyìí. Ìyẹn ga ju ènìyàn lọ, ewé rẹ̀ pín bí ìka ọwọ́, òdòdó rẹ̀ sì lè fẹ̀ tó àtẹ́lẹwọ́. Àlejò ni. Ilẹ̀ Mẹ́síkò àti Àárín Gbùngbùn Amẹ́ríkà ni ó ti wá, ẹwà rẹ̀ ni wọ́n sì tìtorí ẹ̀ gbé e wá sí Áfíríkà. Tithonia diversifolia ni àwọn onímọ̀ ń pè é. Yúnyun ní tirẹ̀ jẹ́ ọmọ onílẹ̀. Orúkọ tí ayé ìmọ̀ mọ̀ ọ́n sí jùlọ ni Aspilia africana. Persoon, ọmọ tí a bí ní Gúúsù Áfíríkà tí ó ṣiṣẹ́ ní ìlú Paris, ni ó kọ́kọ́ fún un ní orúkọ "ti Áfíríkà" náà; Adams, tí ó kọ́ ẹ̀kọ́ nípa ewéko ní ilẹ̀ Ghana, ni ó sì tò ó sínú ẹbí Aspilia.

Gbòǹgbò tí iná kò dé

Àgbàdo àti ẹ̀wà ń hù, wọ́n ń so, wọ́n sì ń kú láàrin ọdún kan. Irúgbìn wọn nìkan ni ó ń rí ọdún tí ń bọ̀. Yúnyun kò rí bẹ́ẹ̀. Ó ní ìdí líle bí igi lábẹ́ ilẹ̀, ibẹ̀ ni ó sì ń kó oúnjẹ rẹ̀ pamọ́ sí ní àkókò òjò. Nígbà tí iná ìgbẹ́ bá jó ewé àti igi rẹ̀, ojú yóò wò ó bí ẹni tí ó ti parí. Ilẹ̀ sì nìyí, ààbò tí ooru kì í tètè gbà kọjá. Erùpẹ̀ díẹ̀ péré tó láti dá iná lẹ́kun. Bí òjò àkọ́rọ̀ bá ti kan ilẹ̀, ọ̀mùnú tuntun a yọ láti ìdí àtijọ́, nígbà tí ohun tí a gbìn pẹ̀lú irúgbìn kò tíì la ojú. Àgbẹ̀ tí ó fi àdá bẹ́ ẹ mọ́ ilẹ̀ lónìí yóò tún bá a níbẹ̀ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ díẹ̀.

Àwa tí a jẹ́ ìránṣẹ́ Ọlọ́run kò lè rí èyí kí a má rí ẹ̀kọ́ kọ́. Ohun tí ó hàn ni iná ń jó. Ohun tí ó fara pamọ́ ni ó ń jí dìde. Ilé-ẹ̀kọ́ tí ó bá ní gbòǹgbò nínú ìwà àti ìgbàgbọ́ lè rí ọdún ìṣòro, kí òrùlé rẹ̀ jò, kí akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ dín kù, síbẹ̀ kí ó tún rú.

Ohun tí àwọn baba wa mọ̀

Ní ojú oko, nígbà tí àdá bá ta mọ́ ẹsẹ̀, yúnyun ni àwọn baba wa ń wá. Wọn a já ewé rẹ̀, wọn a fi ọwọ́ ra á títí omi rẹ̀ yóò fi jáde, wọn a sì fún un sójú ọgbẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ lè dá. Ìmọ̀ yìí kì í ṣe ti Yorùbá nìkan. Ọ̀pọ̀ ẹ̀yà ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà ni ó ń lò ó bẹ́ẹ̀, àní nínú èdè Gẹ̀ẹ́sì pàápàá wọ́n ń pè é ní ewéko tí ń dá ẹ̀jẹ̀ dúró. Àwọn tí ń sin ehoro mọ̀ pẹ̀lú pé oúnjẹ tí ehoro fẹ́ràn ni, ewúrẹ́ àti àgùntàn kò sì kọ̀ ọ́.

Ǹjẹ́ òótọ́ ha ni, tàbí àṣà lásán? Ní ọdún 2007, àwọn olùwádìí láti Yunifásítì ti Nàìjíríà, Nsukka, tẹ èsì ìwádìí wọn jáde. Wọ́n yọ oje ewé yúnyun, wọ́n sì dán an wò lára àwọn eku inú ilé ìwádìí. Wọ́n rí i pé ó dín àkókò tí ẹ̀jẹ̀ fi ń dà kù, pé ó ń ran ọgbẹ́ lọ́wọ́ láti san, àti pé ó ń dá àwọn kòkòrò àrùn kan tí ń ba ọgbẹ́ jẹ́ lẹ́kun. Àwọn baba wa kò ní ilé ìwádìí, ṣùgbọ́n wọ́n ní ojú, wọ́n sì ní sùúrù.

Àní àwọn ẹranko pàápàá mọ nǹkan kan nípa ẹbí yìí. Ní Gombe àti Mahale ní ilẹ̀ Tanzania, àwọn onímọ̀ ṣàkíyèsí pé àwọn ìnàkí kan a máa dìde ní òwúrọ̀, wọn a já ewé Aspilia tí ó jẹ́ ìbátan yúnyun wa, wọn a ká a sínú ẹnu, wọn a sì gbé e mì lái jẹ ẹ́ lẹ́nu. Wrangham àti Nishida kọ̀wé nípa rẹ̀ ní ọdún 1983. Lákọ̀ọ́kọ́, àwọn ènìyàn rò pé oògùn inú ewé náà ni wọ́n ń wá. Ìwádìí tí ó tẹ̀ lé e, èyí tí Huffman ṣe púpọ̀ nínú rẹ̀, fi hàn pé ṣákiṣàki ara ewé ni ó ṣe pàtàkì: ewé tí a kò rún ń gba inú ìfun kọjá kíákíá, ó sì ń kó aràn jáde. Ohun tí ń há wa lọ́wọ́ náà ni ó ń gbá inú ìnàkí mọ́. Ẹ̀kọ́ mìíràn tún wà níbẹ̀: ohun tí a kọ́kọ́ rò kọ́ ni ó máa ń jẹ́ ìdí. Nítorí náà ni a ṣe ń ṣe ìwádìí.

Òróró, wáìnì àti ilé èrò

Àwọn onígbàgbọ́ kan ń bẹ̀rù ewé, wọ́n ní ohun ìbọ̀rìṣà ni. Àwa kò rí i bẹ́ẹ̀. Nígbà tí ọba Hesekiah ń ṣàìsàn dé ojú ikú, tí Ọlọ́run sì ti gbọ́ àdúrà rẹ̀, wòlíì Isaiah kò kọ̀ láti ní kí a fi ọ̀pọ̀tọ́ lé ojú oówo rẹ̀. Ẹni tí ó dá òkè ni ó dá ohun tí ó wà lórí rẹ̀. Ewé kò bá àdúrà jà.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo ìtàn ará Samáríà tí ó wà nínú Ìyìn Rere Lúùkù. Ó bá ẹni tí a ṣe lọ́ṣẹ́ ní ẹ̀bá ọ̀nà, ó da òróró àti wáìnì sí ọgbẹ́ rẹ̀, ó sì dì í. Bí kò bá mọ ìwúlò ohun tí ó ní lọ́wọ́ ni, àánú rẹ̀ ì bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Síbẹ̀ kò fi ọkùnrin náà sílẹ̀ níbẹ̀ pẹ̀lú òróró lára. Ó gbé e gun ẹran rẹ̀, ó mú un lọ sí ilé èrò, ó sanwó fún ìtọ́jú rẹ̀, ó sì ṣèlérí láti padà wá. Òróró ni ìbẹ̀rẹ̀ ìtọ́jú. Ilé èrò ni ìparí rẹ̀. Yúnyun ni òróró ẹ̀bá ọ̀nà wa. Kò lè di ilé èrò.

Kí ni èyí túmọ̀ sí? Lákọ̀ọ́kọ́, ewé tí a já láti ilẹ̀ lè ní erùpẹ̀ lára, inú erùpẹ̀ sì ni irúgbìn àrùn tẹ́tánọ́ọ̀sì ń gbé, àrùn tí ń mú kí ẹrẹ̀kẹ́ há, tí ń mú kí gbogbo ara le gbagidi, tí ó sì ń pa ènìyàn. Kò sí ewé tí ń dènà rẹ̀. Abẹ́rẹ́ àjẹsára ni ó ń dènà rẹ̀. Bí aṣọ mímọ́ bá wà nítòsí, ẹ fi tẹ ojú ọgbẹ́ mọ́lẹ̀ dáadáa, ẹ gbé ẹsẹ̀ tàbí ọwọ́ náà sókè, ẹ má sì tètè ṣí i wò. Nígbà tí ẹ̀jẹ̀ bá dá, ẹ fi omi mímọ́ àti ọṣẹ fọ̀ ọ́, kí ẹ sì lọ sí ilé ìwòsàn fún abẹ́rẹ́. Ẹ̀jẹ̀ tí ń tú jáde ní fìn-ìn fìn-ìn kì í ṣe ti ewé rárá. Ẹ tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, ẹ má sì dúró lójú ọ̀nà.

Èkejì, ẹ má ṣe fi ewé kankan sí ìdodo ọmọ tuntun. Ibẹ̀ jẹ́ ọ̀nà tí tẹ́tánọ́ọ̀sì ń gbà wọ ara ọmọ ọwọ́, ìyá tí ó gba abẹ́rẹ́ nígbà oyún ni ó ń dáàbò bo ọmọ rẹ̀. Ẹ̀kẹta, bí ejò bá bu ènìyàn jẹ, ẹ má ṣe sín gbẹ́rẹ́, ẹ má ṣe so okùn pinpin mọ́ ọn. Ẹ jẹ́ kí ó fara balẹ̀, kí ẹ gbé e lọ síbi tí oògùn ejò wà. Ẹ̀kẹrin, yàtọ̀ sí fífi sára, àwọn kan ń sè é mu. Ìwádìí lára àwọn eku fi hàn pé oje rẹ̀ lè da ètò oṣù àti ẹyin inú abo rú. Obìnrin tí ó lóyún tàbí tí ó ń wá ọmọ kò gbọdọ̀ mu ún.

Ọlọ́run kò sì fi wá sílẹ̀ láìsí ilé èrò. Wesley Guild ní Iléṣà, tí ìjọ Mẹ́tọ́díìsì dá sílẹ̀, ti ń gba àwọn ará òkè wa láti ìgbà àwọn baba wa. Ilé ìwòsàn ìjọba àpapọ̀ wà ní Ìdó-Èkìtì. Ní Ìjerò fúnra rẹ̀ ni ilé-ẹ̀kọ́ gíga ti ìmọ̀ ìlera wà, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ àwọn òṣìṣẹ́ ìlera tí wọn yóò máa ṣe ìtọ́jú wa ní abúlé.

Ohun tí iná kò lè pa

A ti sọ pé iná kò rí yúnyun pa, àdá kò sì rí i pa. Ṣùgbọ́n ayé ti mú ohun tí ó lè pa á wá. Oògùn apakoríko tí a ń fi agolo ẹ̀yìn fọ́n kò dàbí iná. Irú èyí tí ó wọ́pọ̀ jù lọ máa ń ti ojú ewé wọlé, yóò sì bá oje ewéko sọ̀ kalẹ̀ títí dé gbòǹgbò. Ibi ìsádi yúnyun gan-an ni ó ń wá lọ. Ní ibi tí a bá ti ń fọ́n ọn lọ́dọọdún, ọ̀mùnú kì í yọ mọ́. Bẹ́ẹ̀ náà ni katakata tí ń gé ẹ̀gbẹ́ òkè fún ọ̀nà, ìwakùsà àti òkúta fífọ́. Wọ́n ń kó erùpẹ̀ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ náà lọ pẹ̀lú ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Àlejò láti Mẹ́síkò náà sì ń tètè gba ibi tí ó bá ṣófo. Ó ga, ó sì ń ṣíji bo ohun kúkúrú. A kò sọ pé kò wúlò, nítorí ewé rẹ̀ jẹ́ ajílẹ̀ tí ó dára púpọ̀ fún oko. Ohun tí a ń sọ ni pé kí a má jẹ́ kí àlejò lé onílé jáde.

A mọ̀ pé àgbẹ̀ kò lè fi ọwọ́ tu gbogbo koríko mọ́, àwọn ọ̀dọ́ kò sí lóko. Yúnyun kò tíì parí ní ilẹ̀ wa. Ṣùgbọ́n ewéko lè wà lórí ilẹ̀ kí ó sì ti kú nínú ìmọ̀ ènìyàn. Nígbà tí kò bá sí ọmọ tí ó mọ orúkọ rẹ̀ mọ́, ta ni yóò bèèrè nígbà tí ó bá lọ?

Iṣẹ́ tí ó kù

Nítorí náà, a mú ìmọ̀ràn mẹ́ta wá fún ọdún ìrántí yìí, èyí tí kò béèrè owó ńlá. Kí ilé-ẹ̀kọ́ wa ya ilẹ̀ díẹ̀ sọ́tọ̀ ní ẹ̀gbẹ́ òkè, níbi tí a kò ní fọ́n oògùn apakoríko, kí a sì jẹ́ kí yúnyun àti àwọn ewéko onílẹ̀ mìíràn hù níbẹ̀, kí orúkọ kọ̀ọ̀kan wà lára pátákó ní Yorùbá àti ní èdè ìmọ̀. Kí àwọn òbí tí ó mọ ewé wá bá àwọn ọmọ sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan ní sáà kọ̀ọ̀kan, kí olùkọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá àti nọ́ọ̀sì sì jókòó tì wọ́n, kí ìmọ̀ àtijọ́ àti ti òde òní lè yẹ ara wọn wò. Kí ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́ sì pèsè àpótí ìtọ́jú pàjáwìrì fún ilé ìgbé àti oko ilé-ẹ̀kọ́, kí a sì rí i dájú pé ọmọ kọ̀ọ̀kan ti gba abẹ́rẹ́ tẹ́tánọ́ọ̀sì rẹ̀ pé.

Olúwa wa pe àwọn ọmọ-ẹ̀yìn rẹ̀ láti wo àwọn òdòdó inú ìgbẹ́, ó sì sọ pé ògo Sólómọ́nì kò tó ti ọ̀kan nínú wọn. Àṣẹ ni, kì í ṣe ewì lásán. Ẹni tí a ní kí ó wò gbọ́dọ̀ mọ ohun tí ó ń wò. Nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ bá rọ̀ lọ́dún yìí, ẹ mú àwọn ọmọ yín lọ sí ẹ̀gbẹ́ òkè tí iná ti jó. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wá ọ̀mùnú tí ó há ọwọ́, tí ewé rẹ̀ jáde ní méjì-méjì láti inú eérú. Ẹ sọ orúkọ rẹ̀ fún wọn, ẹ sọ ohun tí ó lè ṣe, kí ẹ sì sọ ohun tí kò lè ṣe.

Kí Ọlọ́run àwọn òkè wọ̀nyí pa gbòǹgbò ilé-ẹ̀kọ́ wa mọ́. Àmín.